Bí A Ṣe Ń Ṣe Ẹ́ńjìnnì Onídán fún Ọkọ̀ Inú Ìtàn Àròsọ

Púpọ̀ nínú àwọn tó ń kọ ìtàn àròsọ onídán, ohun tí ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ wọn lè ṣe ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ sọ: ó ń fò, ó yára ju ìjì lọ, kì í rẹ̀ ẹ́. Bí kò bá wá rẹ ọkọ̀, kí ló fẹ́ ṣẹlẹ̀ sí àwọn tó wà nínú rẹ̀? Ohun tí ẹ́ńjìnnì náà ń jẹ, ohun tó ń tú dànù, àti ibi tí agbára rẹ̀ mọ ni kí ẹ fi bẹ̀rẹ̀.

1. Ẹ kọ́kọ́ wò ó bóyá ẹ tilẹ̀ nílò rẹ̀

Egbé máa ń gbé èèyàn láti ibì kan sọ sí ibòmíràn ní ìṣẹ́jú akàn. Kánàkò máa ń sọ ọ̀nà jíjìn di kúkúrú. Kò sí èyí tó ń béèrè ẹ́ńjìnnì nínú wọn. Ìrìn-àjò ló ń béèrè ẹ́ńjìnnì: ọ̀nà tó gùn, oúnjẹ tó ń tán lọ, èrò ọkọ̀ tí wọn ò lè sá fún ara wọn. Tó bá jẹ́ pé kí akọni yín ṣáà ti dé ọ̀hún ni, ẹ fi egbé gbé e, ó parí.

2. Ẹ ya gbígbé sọ́tọ̀ kúrò lára títì

Iṣẹ́ méjì ni. Lọ́dún 1852, Henri Giffard, ọmọ ilẹ̀ Faransé, gbéra ní Paris nínú bàlúùnù ńlá kan tó kún fún gáàsì, ó sì rin nǹkan bíi kìlómítà 27. Gáàsì ló gbé e sókè. Ẹ́ńjìnnì tó ń fi ooru omi ṣiṣẹ́ ló ń tì í, agbára ẹ́ńjìnnì náà ò sì ju ti ẹṣin mẹ́ta lọ, ìyẹn kò tó láti fi kọjú sí atẹ́gùn padà sí ibi tó ti gbéra. Èmi fẹ́ràn ọkọ̀ tó bá rí bẹ́ẹ̀ nínú ìtàn: ó wà lókè, kò lè já bọ́, kò sì lè padà sílé. Nítorí náà, ẹ lè jẹ́ kí igi ọkọ̀ fúnra rẹ̀ fúyẹ́, kí títì wá jẹ́ iṣẹ́ ẹ́ńjìnnì.

3. Kí ni yóò máa tì?

Isaac Newton, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ti kọ ọ́ sínú ìwé láti ọdún 1687 pé bí nǹkan kan bá ti èkejì, èkejì náà yóò tì í padà pẹ̀lú agbára kan náà. Ìdí nìyẹn tí rọ́kẹ́ẹ̀tì fi ń ru ohun tó máa jù sẹ́yìn dání. Saturn V tó gbé èèyàn lọ sí òṣùpá wúwo tó nǹkan bíi tọ́ọ̀nù 2,900 nígbà tó gbéra, epo àti ohun tí epo fi ń jó ló sì pọ̀ jù nínú rẹ̀. Idán lè rú òfin yìí, kò sí ẹni tó máa mú yín. Ṣùgbọ́n ojú kan ni kí ẹ ti rú u, kí ẹ sì mọ ojú ibẹ̀.

4. Ẹ fún idán náà ní òfin kan tó le

Ibí ni kí ẹ lo àkókò sí jù. Ẹ jẹ́ ká ṣe ọ̀kan pọ̀.

Ká ní òkúta kan wà tí ìjì lè wọ̀ lọ sùn sí. Bí a bá bu omi iyọ̀ sí i, ìjì náà á jí, á sì tú jáde. Títí dé ibí, àrà lásán ni. Òfin tó sọ ọ́ di ẹ́ńjìnnì nìyí: ibi tí ìjì náà dorí kọ lọ́jọ́ tó wọ inú òkúta ni yóò máa fẹ́ sí títí ayé. Ẹ yí òkúta po bó ṣe wù yín, ìjì ìwọ̀ oòrùn ò ní fẹ́ sí ìlà oòrùn láé.

Ẹ rántí Newton o. Ìjì tó ń tú jáde sí ìwọ̀ oòrùn yóò ti ọkọ̀ sí ìlà oòrùn. Àwọn kan á sì sáré gbé òkúta náà sẹ́yìn ìgbòkun ọkọ̀ kan náà. Rárá. Bí ìjì ṣe ń ti ìgbòkun síwájú ló ń ti òkúta sẹ́yìn, wọ́n á sì pa agbára ara wọn.

Ẹ wá wo ohun tí òfin kan ṣoṣo yìí bí. Ní ilẹ̀ tí ìjì kì í ti í fẹ́ ju apá kan lọ, òkúta tó ń gbé ọkọ̀ lọ á pọ̀ bíi yanrìn, èyí tó máa gbé e bọ̀ á wọ́n bí ojú. Àlọ á rọrùn, àbọ̀ á di gbèsè. Ìlú tí òkè kan ṣoṣo tó ń rí ìjì òdìkejì wà yóò lówó ju ọba lọ, wọ́n á sì tìtorí òkè náà jagun.

Nínú yàrá ẹ́ńjìnnì, òkúta wà nínú ìkòkò idẹ tí ẹnu rẹ̀ kọjú síta. Ẹni tó ń bomi fi aṣọ wé ọwọ́ dé ìgbọ̀nwọ́, ó mú ìgbakọ onígi dání, ó gbé etí sún mọ́ ìkòkò. Bí ìró inú rẹ̀ bá ń rẹlẹ̀, á bu ìdajì ìgbakọ sí i. Odidi ìgbakọ ti pọ̀ jù: òkúta á sán. Ẹnu ìkòkò ti di yìnyín, bí ẹnu sílíńdà gáàsì ṣe máa ń tutù nígbà tí gáàsì bá ń ya jáde kíákíá. Òtútù yẹn ni ìdọ̀tí ẹ́ńjìnnì wa. Ẹ má fo èyí. Ẹ́ńjìnnì tó ń lo bẹntiróòlù pàápàá ń fi èyí tó ju ìdajì agbára epo rẹ̀ ṣòfò sí ooru. Ẹ́ńjìnnì tí kì í fi nǹkan ṣòfò máa ń dà bí irọ́ lójú òǹkàwé.

5. Eré sísá ni kí ẹ bu owó lé, kì í ṣe gíga

Èyí máa ń ya èèyàn lẹ́nu. Láti gbé ọkọ̀ tọ́ọ̀nù mẹ́wàá sókè ní mítà 100, agbára tó wà nínú ìdajì lítà bẹntiróòlù tó o, bí òfò kankan ò bá sí. Eré ló ń jẹ agbára. Bí ọkọ̀ bá sáré ní ìlọ́po méjì nínú afẹ́fẹ́, agbára tó máa fi borí afẹ́fẹ́ á di nǹkan bí ìlọ́po mẹ́jọ. Torí náà, bí òkúta kan bá gbé ọkọ̀ lọ ní ìrọ̀rùn fún ọjọ́ kan, ẹni tó bá fẹ́ sá fún ọ̀tá pẹ̀lú eré ìlọ́po méjì yóò máa jó òkúta mẹ́jọ lójúmọ́. Ẹ kọ iye yìí sínú ìwé kékeré kan, kí ẹ má sì yẹ̀ ẹ́ nítorí pé akọni yín ń jìyà.

6. Ẹ bà á jẹ́ kí ẹ tó kọ orí kìn-ín-ní

Ẹ wá ọ̀nà mẹ́ta tó lè gbà bàjẹ́. Èyí tó ń bàjẹ́ díẹ̀díẹ̀: yìnyín ń rọra dí ẹnu ìkòkò. Èyí tó ń bàjẹ́ lójijì: òkúta sán. Ẹ̀kẹta ló dára jù, èyí tí kò jọ ìbàjẹ́ rárá: ẹni tó ta òkúta purọ́ nípa apá ibi tí ìjì inú rẹ̀ dorí kọ, ọkọ̀ ti wà lójú òkun, kò sì sí ẹni tó tíì bomi sí i.

Lẹ́yìn náà, ẹ ka òfin ẹ́ńjìnnì náà fún ẹnì kan tí kò mọ nǹkan kan nípa ìtàn yín, kí ẹ sì ní kó wá bó ṣe máa fi rẹ́ yín jẹ. Tó bá béèrè pé kí ló dé tí wọn ò gbé òkúta méjì tó kọjú síra sínú ọkọ̀ kan, ẹ ti ní bíréèkì nìyẹn.