Orúkọ tuntun fún ọmọ tí a bí sí Àbújá: bí a ṣe ń hun ún tí kò fi ní tú

Ọmọbìnrin mẹ́jọ péré ni wọ́n sọ ní Nevaeh ní Amẹ́ríkà lọ́dún 1999. Lọ́dún 2000, olórin kan tó ń jẹ́ Sonny Sandoval fi ọmọ rẹ̀ hàn lórí tẹlifíṣàn MTV, ó ní Nevaeh lorúkọ rẹ̀, pé "heaven", ọ̀rọ̀ tí òyìnbó ń pe ọ̀run, lòun kọ láti ẹ̀yìn wá síwájú. Nígbà tó di 2005, ọmọ 4,457 ló gba orúkọ yẹn lọ́dún kan ṣoṣo. Ẹ dán irú rẹ̀ wò pẹ̀lú Olúwa: Awúlo. Ìyá àgbà tó bá gbọ́ Awúlo á béèrè irú àìsàn tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀.

Lẹ́tà ló gbé Nevaeh ró. Gbólóhùn ló ń gbé orúkọ Yorùbá ró, inú gbólóhùn sì ni ẹni tó fẹ́ hun tuntun ti máa bẹ̀rẹ̀. Kí bàbá àti ìyá ọmọ jókòó, kí wọ́n sọ ohun tí ojú wọn rí títí ọmọ fi dé, láàárín ọ̀rọ̀ mẹ́ta sí márùn-ún, bí wọ́n ṣe máa sọ ọ́ fún aládùúgbò. Bí àwọn àgbà ṣe rí Abíọ́nà nìyẹn fún ọmọ ojú ọ̀nà, tí wọ́n rí Abídèmí fún èyí tí bàbá rẹ̀ kò sí nílé. Àwọn tó gbòde báyìí náà, ohun tí èèyàn fi ẹnu sọ ni: Olúwa dára sí mi, Mo yọ̀ sí oore Olúwa, Ta ní tó Olúwa, Tiwa ni adé.

Ẹ máa rí i pé Olúwa ti ń ṣípò. Láyé àtijọ́, Ifá tàbí Ògún ló ń wà lórí orúkọ. Nígbà tí ìgbàgbọ́ dé, ọ̀pọ̀ ilé fi Olú rọ́pò wọn, Olúwafẹ́mi àti Olúwaṣeun sì kún ìlú. Nínú àwọn tuntun, Olúwa ti sún lọ sídìí: Tèmilolúwa, Àràolúwa, Ìmísíolúwa. Lójú tiwa, ó bọ́gbọ́n mu. Bí olùkọ́ bá pe "Oluwa" ní kíláàsì kan ní Gwarinpa, ìdajì ọmọ lè dìde.

Ibi ìsopọ̀ ni iṣẹ́ wà. Ẹ jẹ́ ká mú ọ̀kan ṣe. Tọkọtaya kó láti Ògbómọ̀ṣọ́ wá sí Kubwa, nǹkan kọ́kọ́ le, lẹ́yìn náà ọmọ dé. Gbólóhùn wọn ni pé ìrìn di ayọ̀. Àwòṣe ti wà nílẹ̀, Ẹkúndayọ̀, níbi tí "di" ti ju fáwẹ̀lì rẹ̀ nù níwájú "ayọ̀". Torí náà, Ìrìndayọ̀. Ó dùn létí. Àmọ́ ẹ bọ́ àmì ohùn rẹ̀ kúrò, nítorí kọ̀ǹpútà ìjọba á bọ́ ọ: IRINDAYO. Ẹni tí kò mọ ilé yín á kà á sí irin alágbẹ̀dẹ. Bí bàbá ọmọ bá ń ta irin ní Dei-Dei, ó bá a mu. Bí kò bá tà á, ẹ wá òmíràn. Ẹ fi àjò sípò ìrìn: Àjòdayọ̀. AJODAYO náà lè di owó àjọ lẹ́nu ẹlòmíràn, ṣùgbọ́n àjọ tó di ayọ̀ kò ba ọmọ jẹ́. Lẹ́tà méje ni, Dayọ̀ sì wà nínú rẹ̀ fún ìpè ilé. Ohun tó kù ni pé ìyá àgbà á máa dáhùn ní gbogbo ìgbà pé àjò kì í dùn kí onílé má relé, kò sì sí ẹni tó lè gbà á lẹ́nu rẹ̀.

Bẹ́ẹ̀ ni kí ẹ ṣe yẹ gbogbo ọ̀rọ̀ tó wà nínú orúkọ wò láìsí àmì. "Èrè" máa ń gbajúmọ̀ nínú orúkọ ọmọ, ṣùgbọ́n ERE lórí ìwé lè jẹ́ eré, ó sì lè jẹ́ ère tí wọ́n gbẹ́.

"Ni" máa ń di "l" níwájú fáwẹ̀lì, àfi níwájú "i". Tiwa ni adé di Tiwaladé. Tiwa ni iyì di Tiwaniyì, ẹni tó kọ Tiwaliyì ti ṣì í. Ẹ ṣọ́ ohùn rẹ̀ pẹ̀lú. Ọmọlayọ̀ ni pé ọmọ ni ayọ̀. Ọmọláyọ̀ ni pé ọmọ ní ayọ̀. "Fún" á gé kúrú: mo fi ìyìn fún Olúwa, Mofìyìnfólúwa. Bí ó bá jẹ́ ọ̀rọ̀ orúkọ méjì ló fara kanra, bí Àrà àti Olúwa, ẹ fi fáwẹ̀lì méjèèjì sílẹ̀. Ẹni tó bá gé ọ̀kan kí ó lè kúrú, ìtumọ̀ ló gé.

Àṣà kan wà tí a kò fẹ́: kí wọ́n gé díẹ̀ lára orúkọ bàbá, díẹ̀ lára ti ìyá, kí wọ́n lẹ̀ wọ́n pọ̀. Dàpọ̀ àti Bísí di Dabi. Kò sí gbólóhùn níbẹ̀, ọmọ kò sì ní rí nǹkan kan sọ tí wọ́n bá bi í pé kí ni orúkọ rẹ̀ ń wí. Àyàn ń kọ́? Ti ilé onílù ni, ẹ má yá a. Bí ó bá jẹ́ ìbejì, Táíwò àti Kẹ́hìndé ti wà lọ́wọ́ wọn kí ẹ tó hun ohunkóhun. Oríkì, ẹ fi í sílẹ̀ fún àwọn àgbà.

Ní Àbújá, etí Hausa wà níbẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ etí Yorùbá, ìpè ilé ló sì máa ń bọ́ sí i lọ́wọ́. Ẹ sọ ọmọkùnrin ní Tanitólúwa, ẹ gé e sí Tani: lójú aládùúgbò, ọmọbìnrin tí a bí ní ọjọ́ Ajé ni. Ládi, tí í ṣe ọkùnrin lọ́dọ̀ wa, ọmọbìnrin ọjọ́ Àìkú ni lọ́dọ̀ wọn. Dare ni òru lédè wọn. Bola sì ni ààtàn, ẹ̀fẹ̀ tí àwọn ọmọ iléèwé kì í sú. Orúkọ kò burú nítorí èyí, ṣùgbọ́n ẹ mọ̀ ọ́n kí ẹ tó yan ìgékúrú. "P" wa máa ń di "f" lẹ́nu wọn, Pẹ̀lúmi á di Felumi. "Gb" máa ń di "b" tàbí "g". Gbagyi tó ni ilẹ̀ kò ní ìṣòro yẹn, ó wà nínú orúkọ tiwọn gan-an.

Mùsùlùmí lè fi Ọlọ́hun sí ibi tí Olúwa wà. Kí wọ́n ti bá àlùfáà sọ ọ́ ṣáájú pé orúkọ méjì ni yóò pè, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ti Lárúbáwá nìkan ni yóò jáde lẹ́nu rẹ̀.

Kí ọjọ́ kẹjọ tó pé, ẹ pe àgbàlagbà kan nílé lórí fóònù, ẹ pe orúkọ náà lẹ́ẹ̀kan, ẹ má túmọ̀ rẹ̀, kí ẹ ní kó sọ ohun tó gbọ́. Bí ó bá gbọ́ gbólóhùn yín, ó ti jọ. Bí ó bá ní kí ẹ tún un pè lẹ́ẹ̀mẹta, ìsopọ̀ kan ti bàjẹ́. Ẹ wo YorubaName.com tí Kọ́lá Túbọ̀sún dá sílẹ̀ náà, bóyá ó ti wà tẹ́lẹ̀ pẹ̀lú ìtumọ̀ mìíràn.

Ìwé ló kù. Òfin 1992 ní kí a forúkọ ìbí sílẹ̀ láàárín ọgọ́ta ọjọ́ lọ́dọ̀ National Population Commission, ọ̀fẹ́ sì ni. Ẹ kọ orúkọ pọ̀ láìfi àlàfo sí i, nítorí "Oluwa darasimi" á di orúkọ méjì, Oluwa á sì di orúkọ àkọ́kọ́ ọmọ nínú NIN, nọ́ńbà ìdánimọ̀ ìjọba. Bí ṣ bá wà níbẹ̀, ẹ yan S tàbí SH, kí ẹ má yí i padà mọ́. Ìlà òkè tí ẹ̀rọ ń kà nínú pásípọ́ọ̀tù ní àyè 39 fún orúkọ: AKINWANDE, MOYOSOREOLUWA àti OLUWADARASIMI, pẹ̀lú àmì tó pín wọn, gba 38. Orúkọ kẹrin kò ráyè wọlé, ìbáà jẹ́ Ayọ̀. Káàdì abẹ́rẹ́ àjẹsára ni àwọn ìwé yòókù sì sábà máa ń tẹ̀ lé, nọ́ọ̀sì tó ń kọ ọ́ sì lè má gbọ́ Yorùbá. Ẹ má pe orúkọ fún un lẹ́nu. Ẹ kọ ọ́ sórí bébà ní lẹ́tà ńlá, kí ẹ gbé e lé e lọ́wọ́, kí ẹ sì ka ohun tó kọ kí ẹ tó dìde.