Bẹ́ ẹ ṣe lè fi driver pírńtà rísíìtì sórí kọ̀ǹpútà, tí rísíìtì á sì máa jáde bó ṣe yẹ

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń tajà, ẹ jẹ́ ká yanjú ọ̀rọ̀ pírńtà rísíìtì yìí lónìí. Tí rísíìtì ò bá ti jáde, driver, ìyẹn prógíráàmù tó ń jẹ́ kí kọ̀ǹpútà lè bá pírńtà sọ̀rọ̀, ni ọ̀pọ̀ èèyàn máa ń dá lẹ́bi, wọ́n á yọ ọ́, wọ́n á tún un fi, wọ́n á tún yọ ọ́, kọ́sítọ́mà á sì wà lórí ìdúró. Èmi ò rò pé driver ló máa ń fa wàhálà yẹn. Nínú gbogbo èyí tí mo ti tún ṣe, port (ojú ọ̀nà tí kọ̀ǹpútà ń gbà ránṣẹ́ sí pírńtà) ni àbí ìwọ̀n pépà.

Ẹ má tíì fọwọ́ kan kọ̀ǹpútà rárá. Pírńtà fúnra ẹ̀ ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ dán wò. Ẹ pa á, ẹ tẹ bọ́tìnì Feed mọ́lẹ̀, kẹ́ ẹ wá tàn án láì gbé ìka kúrò níbẹ̀. Ọ̀pọ̀ pírńtà ló máa tẹ pépà kan jáde tí wọ́n kọ gbogbo nǹkan nípa ẹ̀ sí, tó bá jẹ́ ti serial (irú wáyà àtijọ́ kan) ẹ máa rí baud rate níbẹ̀, ìyẹn bí ọ̀rọ̀ ṣe ń yára gba inú wáyà náà, tó bá jẹ́ ti nẹ́tíwọ́ọ̀kì ẹ máa rí IP, ìyẹn nọ́ńbà àdírẹ́sì ẹ̀ lórí nẹ́tíwọ́ọ̀kì. Ẹ má sọ pépà yẹn nù o! Tó bá jáde àmọ́ tó funfun láìsí ohunkóhun lórí ẹ̀, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ pé òdì lẹ ki pépà. Pírńtà yìí ò lo íńkì, ooru ló fi ń kọ̀wé, ojú kan ṣoṣo lára pépà ló sì máa ń dúdú tí ooru bá kàn án. Ẹ fi èékánná ha pépà náà, ojú tó bá yọ ìlà dúdú ló yẹ kó kọjú sí ibi tó ti ń kọ̀wé.

Tíyẹn bá ti dáa, ẹ yí pírńtà náà dojú dé, ẹ ka nọ́ńbà model ẹ̀, kẹ́ ẹ lọ dáńlóòdù driver ẹ̀ gan-an lórí sáìtì iléeṣẹ́ tó ṣe é. Ọ̀pọ̀ pírńtà rísíìtì ló gbọ́ èdè ESC/POS tí Epson ṣe, ìdí nìyẹn tí driver ti ọ̀kan fi máa ń ṣiṣẹ́ fún òmíì nígbà míì, àmọ́ tara ẹ̀ ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ wá. Tẹ́ ò bá rí i rárá, Generic / Text Only wà nínú Windows, ó máa tẹ ọ̀rọ̀ jáde, kò kàn ní lè tẹ lógò.

Bẹ́ ẹ bá ti ń fi driver síbẹ̀, ẹ ka ohun tó ń sọ lójú kọ̀ǹpútà, torí àwọn kan wà tí wọn ò fẹ́ kẹ́ ẹ ki wáyà USB bọ̀ ọ́ títí wọ́n á fi ní kẹ́ ẹ ṣe bẹ́ẹ̀.

Ó wá kan port, ibí yìí ni kẹ́ ẹ ti fara balẹ̀. Lọ́jọ́ kan mo yọ driver kan, mo tún un fi lẹ́ẹ̀mẹta, ilẹ̀ ti ṣú, ohun tó ṣẹlẹ̀ kò ju pé ẹnì kan yọ wáyà nínú ihò USB kan tó sì ki wáyà náà bọ òmíì, Windows wá dá pírńtà tuntun sílẹ̀ tó pè ní Copy 1, èyí tí prógíráàmù ìtajà sì ń ránṣẹ́ sí ni ti àtijọ́. Látìgbà yẹn ni mo ti ń lẹ ìwé mọ́ ihò tí mo bá lò. Ẹ ṣí Printer properties, ẹ lọ sí Ports, kẹ́ ẹ wò ó bóyá USB001 ni wọ́n mú àbí USB002. Tó bá jẹ́ serial, COM (orúkọ tí Windows ń pe ihò serial) tẹ́ ẹ bá mú gbọ́dọ̀ jẹ́ ti wáyà yẹn gangan, kí baud rate sì bá ti orí pépà tí mo ní kẹ́ ẹ tọ́jú mu. Tó bá jẹ́ ti nẹ́tíwọ́ọ̀kì, ẹ dá Standard TCP/IP Port sílẹ̀, ẹ mú RAW, nọ́ńbà ẹ̀ ni 9100. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ so IP yẹn mọ́ ọn nínú router, ẹ̀rọ tó ń pín nẹ́tíwọ́ọ̀kì, torí tí router bá fún un ní IP míì lọ́la, ibi tí kò sí mọ́ ni kọ̀ǹpútà á máa wá a lọ.

Ìwọ̀n pépà náà ò ṣe é fọwọ́ yẹpẹrẹ mú. Pépà 80mm, 72mm ló ń kọ̀wé sí nínú ẹ̀, 58mm, 48mm ni. Nínú èyí tó jẹ́ 203 dpi (tó ń tẹ àmì tóótòòtó 203 sínú ínǹṣì kan), lẹ́tà 48 ló máa ń gba orí ìlà kan lórí 80mm pẹ̀lú Font A, ìyẹn fọ́ǹtì inú pírńtà fúnra ẹ̀, 32 sì ni lórí 58mm. Tẹ́ ẹ bá fi driver sílẹ̀ sórí A4, ọ̀rọ̀ á kéré tàbí kí ẹ̀gbẹ́ kan gé. Ẹ yí i nínú Printing preferences, kẹ́ ẹ tún yí i nínú prógíráàmù yín. Tó bá jẹ́ Chrome lẹ fi ń tẹ̀ ẹ́ jáde, ẹ fi Margins sí None, kẹ́ ẹ sì yọ máàkì kúrò ní Headers and footers.

Wáyà àpótí owó, ara pírńtà ló ń lọ, kì í ṣe kọ̀ǹpútà. Ó jọ ti tẹlifóònù, àmọ́ ẹ má ki wáyà tẹlifóònù síbẹ̀ láéláé. Nínú driver ẹ máa rí ibi tẹ́ ẹ ti lè ní kó ṣí àpótí, kó sì gé pépà, ẹ ní kó gé e lópin rísíìtì. Tí prógíráàmù yín náà bá ti ń ṣí àpótí, ẹ pa ti inú driver, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ ẹ̀ẹ̀mejì ni wọ́n á máa ní kí àpótí ṣí.

Tí àmì owó bá ń jáde bí àmì ìbéèrè, code page ni, ìyẹn àkójọ lẹ́tà àti àmì tí pírńtà ń lò. PC858 ní euro nínú. Àmọ́ àwọn lẹ́tà wa bí ẹ, ọ, ṣ kò sí nínú PC437 tàbí PC858, torí náà tẹ́ ẹ bá fẹ́ kí orúkọ jáde pẹ̀lú àmì ẹ̀, ẹ jẹ́ kí driver fi fọ́ǹtì Windows yà á bí àwòrán. Ó lè falẹ̀ díẹ̀, àmọ́ ó sàn kéèyàn rí orúkọ ara ẹ̀ bó ṣe ń jẹ́.

Ẹ pa Let Windows manage my default printer náà, ìyẹn ohun tó ń jẹ́ kí Windows fúnra ẹ̀ máa yan pírńtà fún yín. Tí iṣẹ́ bá há sójú kan, ẹ lọ sí Services kẹ́ ẹ tún Print Spooler, tó ń to iṣẹ́ pírńtà sórí ìlà, bẹ̀rẹ̀, kẹ́ ẹ sì wò ó bóyá ẹnì kan ti tẹ Use Printer Offline.

Ẹ tẹ test page, kẹ́ ẹ tẹ rísíìtì gidi látinú prógíráàmù ìtajà, ẹ wá pa pírńtà àti kọ̀ǹpútà pátápátá, ẹ tàn wọ́n padà, kẹ́ ẹ tún tẹ òmíì. Ẹ má ṣílẹ̀kùn fún kọ́sítọ́mà títí ẹlẹ́ẹ̀kejì yẹn á fi jáde.