Bí O Ṣe Lè Fi Ijó Sọ Ìtàn Orpheus Nínú Fíìmù

Tí o bá fẹ́ fi ijó sọ ìtàn ìwáṣẹ̀ àwọn Gíríìkì nínú fíìmù, má kó gbogbo rẹ̀ sí i. Fi ejò tó bu Eurydice, ìyàwó Orpheus, jẹ tó fi kú sílẹ̀. Orin tí Orpheus kọ títí ọba ilẹ̀ òkú fi yọ̀ǹda ìyàwó rẹ̀ fún un, fi ìyẹn náà sílẹ̀. Ìgbà tí wọ́n ń gòkè bọ̀ ni kí o mú: ọkọ níwájú, ìyàwó lẹ́yìn, ọkọ kò sì gbọdọ̀ bojú wẹ̀yìn títí wọn yóò fi dé ìmọ́lẹ̀, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ yóò pàdánù rẹ̀.

Wá yan ẹni tí a ó máa bá rìn. Nínú Night Journey, ijó tí oníjó Amẹ́ríkà Martha Graham gbé kalẹ̀ ní 1947, kì í ṣe Oedipus, ọba inú ìtàn Gíríìkì tó fẹ́ ìyá rẹ̀ láìmọ̀, là ń tẹ̀lé, Jocasta ìyá náà ni. Okùn tí yóò fi gbẹ̀mí ara rẹ̀ sì ti wà lọ́wọ́ rẹ̀ kí ijó tó gbóná.

Ní tèmi, kámẹ́rà ni mo máa ń fi ṣe Orpheus. Ẹni tí ẹsẹ̀ rẹ̀ mọ ìlù ni kí o gbé e fún, torí òun náà ń jó. A ò ní rí Eurydice kí kámẹ́rà tó yíjú. Ìró ẹsẹ̀ rẹ̀ nìkan la ó máa gbọ́ lẹ́yìn. Gba ìró yẹn sílẹ̀ lọ́tọ̀, kí máìkì sún mọ́ ilẹ̀ dáadáa. Má fi orin kankan sí i: olórin ni Orpheus, ó yẹ kí etí wa mọ̀ pé ohun tó fi rọ ikú lójú kò sí lọ́wọ́ rẹ̀ mọ́. Ovid, akéwì Róòmù àtijọ́, kọ ọ́ pé ẹ̀rù ló ba ọkùnrin náà kí agbára ìyàwó rẹ̀ má lọ tán, ojú rẹ̀ sì ń wá a. Nítorí náà, jẹ́ kí ìró ẹsẹ̀ máa rẹlẹ̀. Ibi tó bá ti dá ni kámẹ́rà yóò ti yíjú.

Ìyíjú yìí ni kí o lo àkókò fún jù. Ya àwòrán 50 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, kí o gbé e jáde ní 25. Eré rẹ̀ yóò dín sí ìdajì. Jẹ́ kí Eurydice na apá láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin níbi tó mọ́lẹ̀, kó tún nà án bákan náà níbi tó ṣókùnkùn, kí o wá gé méjèèjì pọ̀ láàárín nínà náà. Maya Deren tó ń ṣe fíìmù ṣe bẹ́ẹ̀ fún oníjó Talley Beatty ní 1945: inú igbó ló ti gbé ẹsẹ̀, inú yàrá ló gbé e kalẹ̀ sí. Orí ìtàgé kò lè ṣe èyí láéláé, ìdí nìyẹn tí mo fi fẹ́ràn iṣẹ́ yìí.

Aṣọ funfun gígùn àti òpó òkúta bíi ti àwọn Gíríìkì kò pọn dandan. Ṣáà jẹ́ kí orúnkún hàn.

Tí o bá tò ó tán, fi han ẹni tí kò mọ ìtàn náà, kí o bi í pé ta ló wà lẹ́yìn ta. Bí kò bá lè sọ, ìró ẹsẹ̀ ni kí o kọ́kọ́ tún ṣe, kí o tó ronú kan ohùn asọ̀tàn.