Ojú mi rí màbo lórí ìwé orin Akin Euba

Ẹ gbọ́ ná. Ìwé orin píánò Akin Euba, ọmọ Nàìjíríà tó ń kọ orin sílẹ̀, tí wọ́n tẹ̀ ní Ifẹ̀ lọ́dún 1975, ìlú òyìnbó ni mo ti lọ fi dọ́là rà á, fọ́tòkọ́pì ni wọ́n sì tà fún mi. Fọ́tòkọ́pì ọ̀hún gan-an ò dé ọwọ́ mi o. Wọ́n ya àwòrán rẹ̀ ni, wọ́n fi ránṣẹ́ lórí ímeèlì. Nígbà tí báńkì náà yọ tirẹ̀ lé e lórí tán, mo jókòó, mo ń ṣírò iye ọmọ tí n óò kọ́ ní dùùrù kí owó yẹn tó padà wọlé. Inú ṣì ń bí mi bí mo ṣe ń kọ èyí. Ṣùgbọ́n mo lu orin náà, mo sì lù ú dáadáa, ẹni tó bá fẹ́ ṣe irú ẹ̀ yóò rí nǹkan mú níbí.

Àwa onídùùrù díẹ̀ l'Ékòó máa ń péjọ lóòrèkóòrè. Ẹnì kan á sọ̀rọ̀ lórí ẹni tó ṣe orin kan, á sì lu iṣẹ́ onítọ̀hún fún wa. Bach, òyìnbó Jámánì ayé àtijọ́, la máa ń lù. Tí a bá lu Bach tán, a óò tún lu Bach. Ọjọ́ tí a bá fẹ́ ṣe fàájì, a óò lu Chopin, òyìnbó tí orin píánò tirẹ̀ máa ń dùn mọ́ ọkàn. Èmi ni mo la ẹnu pé ṣé a ò lè ṣe ti Akin Euba ni, ọmọ Èkó bíi tiwa. Wọ́n ní ó dáa, ìwọ tóo sọ ọ́ ni kóo ṣe é. Mo mú Scenes from Traditional Life, iṣẹ́ alápá mẹ́ta fún píánò nìkan, tó kọ ní 1970.

Ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀ ò fún mi ní wàhálà. Joshua Uzoigwe, tí òun náà jẹ́ ọ̀gá nínú kíkọ orin sílẹ̀, ti kọ odidi ìwé lórí rẹ̀, ìwé náà jáde ní Bayreuth, ní Jámánì, ní 1992. Wọ́n bí Euba l'Ékòó ní ọjọ́ 28 oṣù kẹrin 1935. Bàbá rẹ̀ ló kọ́kọ́ kọ́ ọ ní píánò. Ó lọ sí Trinity College of Music ní London ní 1952, nígbà tó sì parí, ó di ẹni tó ń bójú tó ètò orin ní ilé-iṣẹ́ rédíò ìjọba àpapọ̀ láti 1957. Lẹ́yìn náà ló lọ sí yunifásítì California ní Los Angeles, ibẹ̀ ló ti kàwé nípa orin ìbílẹ̀ oríṣiríṣi ilẹ̀, ó sì gba oyè kejì ní 1966. Ó tún kọjá sí Legon ní Ghana, ó fi iṣẹ́ lórí dùndún di ọ̀mọ̀wé ní 1974. Ẹ wò ó bí ọmọ Yorùbá ṣe gba London, Amẹ́ríkà àti Ghana kọjá kó tó di ọ̀mọ̀wé nínú dùndún! Mi ò bú u o. Ìwé tó ti ibẹ̀ jáde ní 1990 lórí ìlù náà, mi ò tíì rí ẹlẹgbẹ́ rẹ̀.

Èyí tó kù, kíákíá ni mo sọ ọ́ fún wọn: iṣẹ́ rẹ̀ Dirges tí wọ́n ṣe ní Munich nígbà Olympics 1972, Chaka, eré olórin tó gbé ka orí ewì Senghor, akéwì tó jẹ́ ààrẹ Senegal, iṣẹ́ olùkọ́ ní yunifásítì Èkó àti ti Ifẹ̀, Bayreuth ní Jámánì, Pittsburgh ní Amẹ́ríkà láti 1993 títí dé 2011. Ó kú ní ọjọ́ 14 oṣù kẹrin 2020, ó ku ọ̀sẹ̀ méjì kó pé ẹni ọdún 85.

Ohun tí mo fẹ́ kí wọ́n gbé lọ sílé ni ohun tó pè ní African pianism. Ó rí i pé ọgbọ́n ọwọ́ tí a fi ń lu agídìgbo, balafon (ohun èlò onípákó tí a ń fi ọ̀pá lù) àti ìlù lè wọ inú píánò, kí píánò má fi tipátipá máa kọrin bí ará Yúróòpù. Kí ọwọ́ máa lù ú bí ẹni ń lu ìlù, kí àpẹẹrẹ kan máa padà wá léraléra, kí ọwọ́ ọ̀tún àti òsì má gbé ìṣísẹ̀ kan náà. Ẹni tó bá ń wá orin tí wọ́n fi ń nu omijé, kó padà sọ́dọ̀ Chopin.

Wàyí o, ìwé orin.

Ilé ni mo ti kọ́kọ́ wá a. Ilé-ìkàwé kan ní kí n kọ lẹ́tà, mo kọ ọ́. Wọ́n ní orúkọ ìwé náà wà nínú àkọsílẹ̀ àwọn, ṣùgbọ́n kò sí lórí pẹpẹ. Mo ní ta ló lè mọ ibi tó wà? Wọ́n ní ẹni tó mọ̀ ti fẹ̀yìn tì. Bí mo ṣe di oníbàárà ilé ìkó-ìwé-sí kan lókè òkun nìyẹn, tí mo kó dọ́là fún wọn.

Fáìlì dé, mo tẹ̀ ẹ́ jáde, mo gbé e ka orí dùùrù. Mo lu ojú ìwé kan tán, mo ṣí èyí tó tẹ̀ lé e, orin ò so pọ̀ mọ́ra wọn. Mo kọ́kọ́ ní bóyá bí Euba ṣe fẹ́ ẹ nìyẹn, ẹ sá mọ orin òde òní. Mo wá wo nọ́ńbà ìsàlẹ̀: ojú ìwé kan náà ni wọ́n yà lẹ́ẹ̀mejì, wọ́n sì fo èyí tó yẹ kó tẹ̀ lé e.

Mo kọ̀wé sí wọn. Wọ́n fèsì pé àwọn dúpẹ́ pé mo kàn sí àwọn. Mo tún kọ ọ́. Wọ́n ní ẹni tọ́rọ̀ náà kàn wà lẹ́nu ìsinmi. Mo dúró kó ti ìsinmi dé, mo tún kọ̀wé. Ó wá ní bí fọ́tòkọ́pì náà ṣe wà lọ́wọ́ àwọn nìyẹn. Bí mo bá fẹ́ kí àwọn lọ wo ìwé gan-an níbi tí àwọn kó o sí, ìbéèrè tuntun ni, owó tuntun sì ni. Owó tuntun! Lórí ojú ìwé tí mo ti san owó rẹ̀! Mo bèèrè bí wọ́n ṣe lè ta ohun tí kò pé. Èsì tó wá ni fọ́ọ̀mù tí n óò kún fún ìbéèrè tuntun náà.

Ìyẹn ò tiẹ̀ burú tó àbàwọ́n tó wà lára àwọn ojú ìwé tó kù. Fọ́tòkọ́pì tí wọ́n tún ṣe fọ́tòkọ́pì rẹ̀, gbogbo ara rẹ̀ ló ní ààmì dúdú kéékèèké. Ẹ̀yin tí ẹ ń lu orin ìjọ lè máa wò mí pé kí ló le níbẹ̀. Bí tẹ́nọ̀ orin ìjọ kan bá parẹ́, etí onídùùrù á wá nóòtì tó yẹ síbẹ̀, ìjọ ò sì ní mọ̀. Iṣẹ́ yìí ò rí bẹ́ẹ̀. Euba yá nínú ọgbọ́n Schoenberg, ará Vienna tó gbé e kalẹ̀ ní àwọn ọdún 1920 pé kí á to nóòtì méjèèjìlá tẹ̀ léra, kí èyíkéyìí má padà wá títí gbogbo wọn yóò fi dún. Orin ò ní dòh tó lè padà sí bí ilé. Bí ààmì kékeré kan bá wà níwájú nóòtì, tí o ò mọ̀ bóyá fláàtì, ààmì tó ń rẹ ohùn nóòtì sílẹ̀, ni tàbí ìdọ̀tí, etí rẹ ò lè là ọ́ níjà. Mo fi gíláàsì tí ń sọ nǹkan di ńlá wò wọ́n lábẹ́ iná títí ojú fi ń ta mí. Mo fi pẹ́ńsùlù yí àwọn tí mo ń ṣiyèméjì sí ká, ojú ìwé wá dà bí ara ọmọ tí ìgbóná ń ṣe.

Ọ̀rẹ́ mi kan ló ní òun mọ bàbá kan tó kàwé orin ní Ifẹ̀ láyé ọjọ́un, pé ó ní gbogbo ìwé. Mo gbà lọ sọ́dọ̀ rẹ̀. Mo dọ̀bálẹ̀, mo ro ẹjọ́ mi. Bàbá ò tiẹ̀ jẹ́ kí n parí.

"Ṣé ìwọ ló fẹ́ lù ú àbí o fẹ́ lọ fi ṣe ọ̀ṣọ́?"

"Èmi ni, Bàbá. Mo fẹ́ lù ú ni."

"Ìwé yìí ò ní jáde nínú ilé yìí. Èyí tó jáde kẹ́yìn ò padà wá."

Mo ní kí n fi fóònù yà á, ìṣẹ́jú kan ni. Iná sì ti lọ, pálọ̀ ṣókùnkùn. Bàbá ní tí mo bá jókòó kọ ọ́, ọwọ́ mi á ti mọ̀ ọ́n kí n tó délé. Ó tan tọ́ọ̀ṣì fún mi, ó gbé àga tì mí, ó ń wò mí bí olùkọ́ ìdánwò. Inú bí mi, ṣùgbọ́n kí ni mo fẹ́ sọ fún àgbàlagbà nínú ilé rẹ̀? Mo kọ ọ́. Ojú ìwé tí dọ́là mi ò rí rà, pẹ́ńsùlù ni mo fi dà á kọ, gbogbo ààmì tó ń ṣe mí ní iyèméjì ni mo sì yẹ̀ wò lára tirẹ̀. Púpọ̀ nínú wọn, ìdọ̀tí ni.

Àfi ibì kan. Ikán ti jẹ igun ìsàlẹ̀ ojú ìwé tí mo wá tìtorí rẹ̀ gan-an. Ọwọ́ òsì ti já lẹ́nu báà (ìpín kékeré tí a pín orin sí) tó gbẹ̀yìn, nóòtì méjì ni kò sí.

Ẹ jẹ́ kí n yangàn díẹ̀ lórí èyí. Mo kọ́kọ́ ka àwọn nóòtì tó ti dún, mo yọ wọ́n kúrò nínú 12, mo rí àwọn tó ṣẹ́ kù. Ìyẹn nìkan ò tó ẹ̀rí, torí Euba kì í ṣe ẹrú òfin Schoenberg, ó máa ń tún nóòtì sọ bó ṣe wù ú. Mo wá rántí pé òun fúnra rẹ̀ ló ní kí àpẹẹrẹ máa padà wá. Mo padà sẹ́yìn, mo ń wá ibi tí ọwọ́ òsì ti rìn báyẹn rí, mo sì rí i: ìṣísẹ̀ kan náà, nóòtì kan náà títí dé ibi tí ikán ti jẹun. Méjì tó tẹ̀ lé e níbẹ̀ wà lára àwọn tó ṣẹ́ kù lọ́wọ́ mi. Mo pe Bàbá lórí fóònù, mo lù ú fún wọn. Wọ́n dákẹ́ díẹ̀, wọ́n ní, "Bó ṣe wà nìyẹn kí ikán tó débẹ̀."

Tí mo bá máa tún un ṣe, ọ̀dọ̀ àwọn tó ti dàgbà nínú iṣẹ́ ni n óò kọ́kọ́ lọ. Dọ́là á gbẹ̀yìn. Ẹni tó bá sì fẹ́ sanwó fún ẹ̀dà láti òkèèrè, kó ní kí wọ́n kọ iye ojú ìwé ránṣẹ́ ná, kó fi wé ti ìwé gan-an, kó tó tẹ bọ́tìnnì owó. Ọ̀rọ̀ gbígba àṣẹ lọ́wọ́ ẹni tó ni orin náà wà níbẹ̀ o. Orin tí ò sí lọ́jà kì í ṣe ti gbogbo ayé. Òfin ẹ̀tọ́ òǹkọ̀wé Nàìjíríà ti 2022 fún olórin ní 70 ọdún lẹ́yìn ikú rẹ̀, nítorí náà ti Euba di ìparí 2090. Ẹ tètè bèèrè, ẹ má dúró di ọ̀sẹ̀ tí ẹ fẹ́ lù ú.

Kíkọ́ rẹ̀ lórí dùùrù, ẹni tó mọ píánò ti mọ bí wọ́n ń ṣe é. Ibi kan ṣoṣo tó há ni ọwọ́ òsì tó ń fẹ́ máa sá tẹ̀ lé ọ̀tún. Onígángan ṣọ́ọ̀ṣì wa ló bá mi tú u. Ó dúró lẹ́yìn mi, ó gbọ́ ọ fún ìgbà díẹ̀, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ̀yin lẹ ń lé òsì yẹn. Ẹ jẹ́ kó jókòó bíi gúdúgúdú. Gúdúgúdú kì í wo ojú ìyáàlù." Ó wá fi ọwọ́ lu ti òsì lórí àga, kò yí i padà, kò yá a, èmi ń lu ọ̀tún lórí rẹ̀. A pààrọ̀ ọwọ́. Nígbà tó yá, ọwọ́ mi gbà. Olùkọ́ píánò kankan ò sọ bẹ́ẹ̀ fún mi rí, mo sì ti sanwó fún wọn o.

Lálẹ́ ọjọ́ ètò, mo sọ̀rọ̀, mo lù ú. Àwọn oní-Bach ní kí n tún apá ìkẹta lù. Mo tún un lù, mo sì rí ojú wọn. Ẹnì kan bèèrè bóyá òun lè ya ìwé orin mi. Mo ní kò ní jáde nínú ilé mi.

Igi Ńlá Só ló kàn báyìí, ti 1963, píánò àti ìlù Yorùbá ni Euba kọ ọ́ fún. Mo ti sọ fún onígángan pé kó bá mi wá àwọn onílù tó kù. Ó ní kò sí ìyọnu, òun mọ̀ wọ́n, ṣùgbọ́n tó bá jẹ́ pé inú ìwé ni ìlù ọ̀hún wà, àwọn á gba owó ìlù, àwọn á sì gba owó ìwé.