Kì í ṣe gbogbo ohun tó ń rà bàbà lókè ni àṣá

Lọ́jọ́ kan, àlejò mẹ́rin bá mi wọ ọkọ̀ ojú omi ní etí ọ̀sà Ẹ̀pẹ́. Ó ti tó ọjọ́ mẹ́ta tí mo ti ń fọ́nnu fún wọn pé wọ́n á fojú ara wọn rí idì. A ò tíì rìn jìnnà tí a fi rí ẹyẹ ńlá kan lórí ọ̀pẹ tó tẹ̀ sórí omi: orí funfun, àyà funfun, apá dúdú. Mo nawọ́, mo ní, "Ẹ wò ó! Idì nìyẹn." Àwọn àlejò yọ fóònù, wọ́n ń ya fọ́tò. Bàbá tó ń tukọ̀ fún wa ò sọ nǹkan kan. Ẹyẹ náà bá rọra sún mọ́ odi ẹyìn tó ti pọ́n, ó já ọ̀kan, ó fi ẹsẹ̀ tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀, ó wá ń fi ẹnu ya ara ẹyìn náà jẹ díẹ̀díẹ̀. Ìgbà yẹn ni bàbá wẹ̀yìn wò mí: "Ọmọ mi, idì wo ní ń jẹ ẹyìn?"

Igún ni mo pè ní idì, lójú àlejò.

Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń ṣàkíyèsí bí àwa ará ibí ṣe ń ṣi ẹyẹ apẹranjẹ pè. Nínú àwọn àṣìṣe tí mo fẹ́ sọ yìí, bóyá ọ̀kan péré ni èmi fúnra mi ò tíì ṣe rí.

Ẹ má wo orí, ìrù ni kí ẹ wò

Orí funfun ló ń tan gbogbo wa jẹ. Idì tó wà lára bánà ṣọ́ọ̀ṣì àti kàlẹ́ńdà, idì Amẹ́ríkà ni. Kò sí irú rẹ̀ nínú igbó ilẹ̀ Áfíríkà kankan. Ṣùgbọ́n a ti rí àwòrán rẹ̀ jù, débi pé ohunkóhun tó bá ti lórí funfun, a ti sọ ọ́ di idì. (Idì ara àmì ìjọba Nàìjíríà ńkọ́? Pupa ni wọ́n kùn ún. Ẹ má fi ìyẹn wá ẹyẹ kankan o.)

Ìbátan idì Amẹ́ríkà tó wà lọ́dọ̀ tiwa ni idì apẹja. Orí, àyà àti ìrù rẹ̀ funfun báláú, ikùn rẹ̀ pupa bí obì tó ti gbẹ, apá rẹ̀ ò sì ní funfun kankan bó bá nà án. Bó bá ké, ó máa ń da orí sẹ́yìn, ohùn rẹ̀ á sì la ọ̀sà já dé òdìkejì.

Èyí tó dójú tì mí lọ́jọ́ náà, mo máa ń pè é ní igún ọ̀pẹ, torí ibi tí ọ̀pẹ àti ògùrọ̀ bá pọ̀ sí ló máa ń wà. Ikùn rẹ̀ funfun délẹ̀. Ìrù rẹ̀ dúdú, àfi etí rẹ̀ tó funfun, bí aṣọ dúdú tí aránṣọ fi òwú funfun ṣẹ́ létí. Apá rẹ̀ ní funfun, ó ní dúdú, awọ pupa tí kò ní ìyẹ́ sì yí ojú rẹ̀ ká. Bó bá na apá méjèèjì, ó tó nǹkan bíi mítà kan ààbọ̀. Ti idì apẹja máa ń ju mítà méjì lọ. Ẹyẹ yìí kì í sábà ké. Ara ẹyìn àti èso ògùrọ̀ ló fẹ́ràn jù, ṣùgbọ́n ó máa ń jẹ akàn àti ẹja pẹ̀lú. Nítorí náà, pé ẹ rí i lẹ́bàá omi ò fi í hàn ní idì. Ibẹ̀ gan-an ni mo ti ṣubú.

Ọ̀rọ̀ tún wá burú sí i tó bá kan àwọn ọmọ wọn. Ọmọ igún ọ̀pẹ, àwọ̀ ilẹ̀ ló ní. Ọmọ idì apẹja náà, àwọ̀ ilẹ̀ tó ní tóótòòtó funfun. Ó máa ń tó ọdún bíi mẹ́ta sí márùn-ún kí wọ́n tó gbé àwọ̀ àgbà wọ̀, ní gbogbo ọdún yẹn sì rèé, "àṣá" là ń pè wọ́n.

Àṣá gan-an

Bí ẹ bá bi èèyàn mẹ́ta ní Ọjà Olúwo pé kí ni ìyàtọ̀ àárín àṣá àti àwòdì, ó ṣeé ṣe kí ẹ gbọ́ ìdáhùn mẹ́ta. N kì í bá ẹnikẹ́ni jà lórí ìyẹn. Èyí tí mò ń pè ní àṣá níhìn-ín ni ẹyẹ aláwọ̀ ilẹ̀ tí ẹnu rẹ̀ pọ́n bí òféèfèé ọsàn, tí ìrù rẹ̀ là ní àárín bí ìrù ẹja, tó máa ń yí lókè ọjà ẹja àti ààtàn.

Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ jù ni pé a gbọ́ pé ìrù àṣá là, a wá rí ọ̀kan tí ìrù rẹ̀ ò là, a ní kì í ṣe àṣá. Bí àṣá bá ń yípo tó sì tẹ́ ìrù rẹ̀ bí abẹ̀bẹ̀, ìlà àárín yẹn máa ń pòórá pátápátá. Bó bá sì ń pàwọ̀ ìyẹ́ dà, ìrù náà á rí jákujàku. Ẹ ní sùúrù títí á fi tún ìrù pa dé. Kí ẹ sì wo bó ṣe ń lo ìrù yẹn: á yí i sọ́tùn-ún, á yí i sósì, bí atukọ̀ tó ń fi àjẹ̀ darí ọkọ̀. Nínú gbogbo ẹyẹ ńlá tó wà lójú òfurufú Ẹ̀pẹ́, n ò tíì rí òmíràn tó ń ṣe bẹ́ẹ̀. Tí mo bá rí àyídàyídà ìrù yẹn, n kì í wulẹ̀ wá àwọ̀ mọ́.

A máa ń sọ pé àṣá ń rà bàbà, àwọn ọmọdé sì ń fi kọrin. Ẹ wò ó dáadáa. Àṣá kì í sábà dúró lójú kan lófurufú. Yíyí ló ń yí. Èyí tí ẹ bá rí lókè pápá tó dúró gbagidi sójú kan, tó ń fi apá lu afẹ́fẹ́ lọ́tunlọ́sì, tó wá ń wo ilẹ̀, ẹyẹ kékeré mìíràn ni: funfun nísàlẹ̀, eérú lẹ́yìn, èjìká dúdú, ẹyinjú pupa. Kò ju ẹyẹlé lọ. Eku ló ń ṣọ́.

Àkókò náà ṣe pàtàkì. Ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ni àṣá máa ń pọ̀ lọ́dọ̀ wa. Bí òjò bá ti rọ̀ dáadáa, ọ̀pọ̀ wọn á gba ọ̀nà àríwá lọ. Bí wọ́n bá ń sun oko, ẹ lọ dúró síbi tí ẹ̀fúùfù ò ti ní gbé èéfín bá yín, kí ẹ wo bí wọ́n ṣe ń ṣa tata àti alángbá tó ń sá fún iná. Wọ́n máa ń fi ẹsẹ̀ gbé e, wọ́n á sì jẹ ẹ́ lórí ìrìn.

Èyí tó fi orí lé omi

Láti nǹkan bí oṣù kẹwàá títí di oṣù kẹta, àlejò kan wà lórí ọ̀sà tí ọ̀pọ̀ èèyàn ń pè ní idì tàbí àṣá. Osprey ni àwọn onímọ̀ ń pè é. Yúróòpù ló ti ń bọ̀, ó máa ń sá fún òtútù wọn. Ẹ̀yìn rẹ̀ àwọ̀ ilẹ̀, inú rẹ̀ funfun, ìlà dúdú kan sì gba ojú rẹ̀ kọjá sí ọrùn, bí ìyàwó tó lé tìróò tí ọwọ́ rẹ̀ yẹ̀. Apá rẹ̀ gùn, ó tín-ín-rín, ó sì ká ní oríkèé.

Idì apẹja máa ń jókòó sórí igi, á rí ẹja, á fò wá já a gbà lójú omi. Osprey máa ń ti òkè sọ ara rẹ̀ lulẹ̀, ẹsẹ̀ ṣáájú, omi á sì bò ó mọ́lẹ̀ nígbà mìíràn. Bó bá gbé ẹja tán, ó máa ń tún un tò sísàlẹ̀ ara rẹ̀ kí orí ẹja lè kọjú síwájú. Mo ti rí ọ̀kan tó gbé epiya kọjá lórí ọkọ̀ wa báyìí, ẹja náà ṣì ń mi ìrù, bí ẹni pé òun ló ń tukọ̀ ẹyẹ náà. Bí ẹ bá rí òrùka lẹ́sẹ̀ rẹ̀, ẹ gbìyànjú kí ẹ ya fọ́tò rẹ̀: àwọn tó fi òrùka náà sí i á fẹ́ mọ ibi tó dé.

Ẹ má sì ní pé nígbà tí òjò ti dé, èyí tí ẹ rí ò lè jẹ́ osprey. Àwọn ọmọ ọdún kìíní kì í sábà bá àgbà padà sílé. Wọ́n lè wà níhìn-ín títí ọdún á fi yípo.

Títóbi

Láìsí nǹkan tí a mọ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ojú ò lè wọn ẹyẹ tó wà lókè. Ẹ fi ẹyẹlé, kannakánná àti lékeléke ṣe òṣùwọ̀n. Abo ẹyẹ apẹranjẹ sì máa ń tóbi ju akọ lọ, nítorí náà "ńlá" àti "kékeré" lè jẹ́ tọkọtaya.

Olè inú ìtẹ́ ẹ̀gà

Èyí ni àṣìṣe tó ń dùn mí. Ibi tí ẹ̀gà bá ti kọ́lé sórí ọ̀pẹ, ẹyẹ eérú kan máa ń wá síbẹ̀, orí rẹ̀ kéré, ojú rẹ̀ pọ́n yẹ́lò láìní ìyẹ́, ìlà funfun kan ṣoṣo dá ìrù rẹ̀ dúdú sí méjì. Á so rọ̀ mọ́ màrìwò ní dídorí kodò, á máa ju apá bí ẹni tó fẹ́ ṣubú, á wá ti ẹsẹ̀ bọ inú ìtẹ́. Oríkèé ẹsẹ̀ rẹ̀ lè tẹ̀ síwájú, ó lè tẹ̀ sẹ́yìn. Ìdí rèé tó fi ń rí ọmọ ẹ̀gà fà yọ níbi tí ẹyẹ mìíràn ò lè dé. Bí inú rẹ̀ bá ru, ojú yẹ́lò yẹn á di pupa.

Àwọn tó bá rí i, òkò tàbí ìbọn ni, wọ́n ní àṣá tó gbé òròmọdìẹ àwọn ni. Ó lè gbé òròmọdìẹ lóòótọ́ bó bá rí àyè, ṣùgbọ́n lágbàlá tèmi, àṣá àti kannakánná ni mo ti ká mọ́ ọn. Mo ti rí idì apẹja tí wọ́n yìnbọn pa nítorí adìẹ. Ẹja ló wà lọ́nà ọ̀fun rẹ̀.

Igún tí a rò pé ó ṣì wà

Àwa tí a dàgbà níbi tí igún ti ń tò sórí òrùlé ibi tí wọ́n ti ń pa màlúù, ojú wa ṣì ń rí i níbi tí kò sí. Ohun dúdú bá yí lókè, a ní igún ni. Igún gidi ní apá gbòòrò, ìrù kúkúrú tí kò là, ẹnu tẹ́ẹ́rẹ́, awọ orí pupa rẹ́súrẹ́sú. Ní ọdún 2015, IUCN, àjọ àgbáyé tó ń ṣọ́ bí ẹ̀dá inú igbó ṣe ń dín kù, gbé e sí ìpele tó kẹ́yìn kí ẹ̀dá tó parun nínú igbó. Májèlé wà lára ohun tó fà á, títà á fún oògùn náà sì wà ńbẹ̀. A ní a kì í pa igún, a kì í jẹ igún, síbẹ̀ ẹ lọ wo orí rẹ̀ lórí àtẹ lẹ́kulẹ́ja.

Ìdí tí mo fi ń fẹjọ́ àṣìpè yìí sùn ni pé àkọsílẹ̀ wa ń lọ síbì kan. Nigerian Bird Atlas Project, iṣẹ́ tí wọ́n fi ń kọ ibi tí ẹyẹ kọ̀ọ̀kan wà sílẹ̀, pín Nàìjíríà sí ojú ilẹ̀ kéékèèké oní igun mẹ́rin, ọ̀kọ̀ọ̀kan nǹkan bíi kìlómítà 9 níbùú lóòró, àwọn èèyàn bíi tèmi ló sì ń fi ohun tí wọ́n rí ránṣẹ́. Bí mo bá kọ igún níbi tí àṣá ti fò kọjá, ẹni tó bá ka ìwé náà á rò pé igún ò tíì tán ní Ẹ̀pẹ́.

Nítorí náà, ojú ìwé kan wà nínú ìwé àkọsílẹ̀ mi fún àwọn tí n ò mọ̀. Ti oṣù tó kọjá rèé: ìrù kúkúrú, apá gbòòrò, àwọ̀ ilẹ̀, kò ké, ó ń bọ̀ láti ìhà Èjìnrìn ní aago mẹ́wàá kọjá, kannakánná méjì ń lé e. N ò tíì fún un lórúkọ.