Ẹ Bi Olórúkọ Kí Ẹ Tó Túmọ̀ Orúkọ: Àwọn Àṣìṣe Tó Wọ́pọ̀

Níbi ìsọmọlórúkọ kan tí mo lọ ní Ìbàdàn, oyin, iyọ̀, obì, orógbó, ataare àti omi tútù ti wà nílẹ̀ nígbà tí bàbá ọmọ gbé orúkọ tirẹ̀ kalẹ̀: "Babátúndé." Gbogbo ilé pa lọ́lọ́. Bàbá tirẹ̀, ìyẹn bàbá àgbà ọmọ náà, jókòó síbẹ̀, awo obì wà lórí ẹsẹ̀ wọn. Wọ́n wo ọmọ wọn títí, wọ́n ní, "Ta ló padà dé? Èmi rèé, n kò tíì lọ." Ìyá àgbà kan ló yára ju owó sínú omi, tí wọ́n sì pe ọmọ ní Ayọ̀mídé.

Ọ̀dọ́mọkùnrin yẹn kò ní èrò burúkú. Orúkọ náà dùn létí rẹ̀ ni. Kò sẹ́ni tó sọ fún un pé ẹ̀yìn ikú bàbá àgbà la máa ń sọ ọmọkùnrin ní Babátúndé, gẹ́gẹ́ bí ọmọbìnrin ṣe ń jẹ́ Yétúndé tàbí Ìyábọ̀ lẹ́yìn ikú ìyá àgbà. Ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Nítorí náà, ẹ má mú orúkọ tó ní ìdí fún ọmọ tí kò ní ìdí náà. Tòkunbọ̀ ni ọmọ tí a bí sókè òkun. Bámidélé ni èyí tí a bí sí ìdálẹ̀, tó bá òbí rẹ̀ dé ilé. Abíọ́nà ni èyí tí ìyá rẹ̀ bí sójú ọ̀nà. Ẹni tó bá gbọ́ orúkọ wọ̀nyí yóò rò pé òun ti gbọ́ ìtàn ìbí ọmọ yẹn. Ẹ má jẹ́ kí orúkọ purọ́ mọ́ ọmọ yín.

Ẹ má sì máa fipá tú orúkọ àmútọ̀runwá sí wẹ́wẹ́. Mo ti rí i lórí íntánẹ́ẹ̀tì tí wọ́n kọ ọ́ pé Òjó ni ọmọ tí a bí lásìkò òjò. Rárá o. Ọmọ tí a bí nígbà tí òjò ń rọ̀ ni Béjidé. Òjó ni ọmọkùnrin tí ìwọ́ kọ́ lọ́rùn wáyé, Àìná sì ni ti ọmọbìnrin. Ìgè fi ẹsẹ̀ wáyé, Àjàyí dojú bolẹ̀. Bí a ṣe bí ọmọ ni ìtumọ̀ wọn, ẹ kò lè rí i nípa kí ẹ gé orúkọ náà sí méjì. Nígbà tí wọ́n ṣe ìrìbọmi fún Àjàyí ará Òṣogùn ní Sàró (Sierra Leone) lọ́dún 1825, Samuel Crowther ni wọ́n sọ ọ́, orúkọ àlùfáà kan ní Lọ́ńdọ̀nù. Crowther kò sọ nǹkan kan fún wa nípa ọjọ́ tí wọ́n bí i. Àjàyí ló sọ ọ́.

Àmì ohùn ńkọ́? Ọlá yàtọ̀ sí ọ̀la, ọlà sì tún yàtọ̀ sí méjèèjì, síbẹ̀ "Ola" lásán ló máa ń wà lórí ìwé ẹ̀rí ọjọ́ ìbí. Ohun tó tún ń dá kún un ni ìgékúrú. Ẹ gbọ́ Wálé, ẹ sì yára sọ pé adé ló wá sílé. Ó lè jẹ́ Akínwálé, ó lè jẹ́ Ọláwálé, ó lè jẹ́ Ògúnwálé. Olórin tí gbogbo ayé mọ̀ sí Sade, tí wọ́n bí ní Ìbàdàn lọ́dún 1959, Fọláṣadé ni orúkọ rẹ̀ pé: ọlá ni wọ́n fi ṣe adé. Bí a bá gé ọlá kúrò, kí la fi ṣe adé náà?

Èyí tó ń dùn mí jù ni orúkọ tí à ń pa dà nítorí ìtìjú. Fágbèmí di Olúgbèmí, Ògúndélé di Olúwadélé, mo sì mọ ibi tí Èṣùbíyìí ti di Jésùbíyìí. N kò bá ẹnikẹ́ni jà lórí ẹ̀sìn rẹ̀. Èmi náà ń lọ sílé ìjọsìn. Ṣùgbọ́n ìbẹ̀rẹ̀ orúkọ wọ̀nyí ni ìwé ìtàn ìdílé wa. Fá- ń sọ fún ọ pé babaláwo wà nínú ilé yín. Ọ̀jẹ̀- ń tọ́ka sí ilé eégún, Ọdẹ- sí ilé ọdẹ, Àyàn- sí ilé onílù. Ọmọ Àyánwálé tó bá di Olúwawálé lónìí, ta ni yóò sọ fún ọmọ ọmọ rẹ̀ pé gángan ló bọ́ ìdílé wọn? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má lọ sí kóòtù kí ẹ tó lọ sọ́dọ̀ àwọn àgbà ilé. Ẹ kọ́kọ́ gba ìtàn náà sílẹ̀.

Ẹ má fi orúkọ àbíkú ṣe ẹ̀rín. Kòsọ́kọ́, orúkọ ọba tó jẹ ní Èkó láti 1845 sí 1851, ohun tó ń sọ ni pé kò sí ọkọ́ tí a ó fi gbẹ́ sàréè mọ́. Ìyá tó sọ ọmọ ní Málọmọ́ ti sin ọmọ rí.

Bá a bá kúrò nílé, àṣìṣe náà ń tẹ̀ lé wa. Àwa kan máa ń pe gbogbo ará Gánà ní Kofi. Ọmọkùnrin tí wọ́n bí lọ́jọ́ Ẹtì ni Kofi láàárín àwọn Akan, ẹ̀yà kan ní Gánà. Ti ọmọbìnrin ni Afua tàbí Efua. Ọjọ́ Ẹtì, 8 oṣù kẹrin 1938, ni wọ́n bí Kofi Atta Annan, akọ̀wé àgbà Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé nígbà kan, ní Kumasi. Atta sọ pé ìbejì ni, Annan sọ pé ọmọ kẹrin. Ọjọ́ kan náà ló wà nínú Jummai àwọn Hausa.

Ẹ má sì rò pé orúkọ tó gbẹ̀yìn ni orúkọ ìdílé níbi gbogbo. Ahmed tó wà nínú orúkọ Abiy Ahmed, olóṣèlú ará Ethiopia, orúkọ bàbá rẹ̀ ni. Ẹni tó bá ń kí "Ọ̀gbẹ́ni Ahmed", bàbá ló ń kí. Guðmundsdóttir tí Björk, olórin ará Iceland, ń jẹ́, "ọmọbìnrin Guðmundur" ni. Yao Ming, agbábọ́ọ̀lù alájùsáwọ̀n ará Ṣáínà, Yao ni orúkọ ìdílé rẹ̀. Kò yẹ kó ṣàjèjì sí wa, torí àwọn baba ńlá tiwa náà kò ní orúkọ ìdílé kankan. Ìwé ìforúkọsílẹ̀ ilé ẹ̀kọ́, ti ìjọ àti ti ìjọba òyìnbó ló sọ orúkọ bàbá kan di ti gbogbo ìran rẹ̀.

Bẹ́ẹ̀ náà ni Pereira àti Da Rocha ní Èkó: Àgùdà tó padà láti Brazil ni ọ̀pọ̀ wọn, ọmọ Yorùbá ni wọ́n. Johnson àti Williams, ọ̀pọ̀ ló ti Sàró dé. Ẹ má pè wọ́n ní àjèjì. Àwọn mìíràn tún gba orúkọ Yorùbá padà: àlùfáà David Brown Vincent di Mojọlá Agbébí lọ́dún 1894.

Ìwé pẹlẹbẹ kan wà lábẹ́ àpótí aṣọ ìyá mi. Orúkọ gbogbo wa ló wà níbẹ̀ pẹ̀lú àmì ohùn, ẹni tó sọ wá àti ìdí rẹ̀. Lójú ìwé kejì, wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀: "Abíọ́nà. Ìyá mi ló sọ ọ́. Mo ń ti Dùgbẹ̀ bọ̀ nígbà tí ìrọbí mú mi."