Kẹ́ ẹ tó ṣí hòtẹ́ẹ̀lì l'Ékòó, ẹ tún ìwé yín ṣe ná

Ẹ jọ̀ọ́, kẹ́ ẹ tó ra bẹ́ẹ̀dì àti éésì, ẹ wo ìwé ilé yẹn dáadáa. Tó bá jẹ́ ilé gbígbé ni wọ́n fọwọ́ sí, ẹ ò lè kàn gbé sáìnbọ́ọ̀dù hòtẹ́ẹ̀lì kọ́ ọ, ẹ máa kọ́kọ́ lọ gba pámíìtì míì ní LASPPPA, iléeṣẹ́ ìjọba Èkó tó ń fọwọ́ sí ìwé ilé kíkọ́, pé ó ti di ilé òwò, ibẹ̀ gan-an lọ̀pọ̀ èèyàn ti ń kó sí wàhálà. Ẹ forúkọ bísínẹ́ẹ̀sì sílẹ̀ náà ní CAC, iléeṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ tó ń forúkọ iléeṣẹ́ sílẹ̀. Láìsẹ́nsì hòtẹ́ẹ̀lì fúnra ẹ̀, ọwọ́ ìjọba ìpínlẹ̀ ló wà, kì í ṣe Àbújá, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ló dá a bẹ́ẹ̀ ní 2013. Bíà ńkọ́? Ọwọ́ káńsù ni láìsẹ́nsì ọtí wà.

Ọ̀rọ̀ iná tó ń jó ilé ló ká mi lára jù o. Mo ti sùn ní gẹ́sitáòsì kan rí tí wọ́n fi agádágodo ti ilẹ̀kùn ẹ̀yìn pa, àpò ìrẹsì ni wọ́n tò síwájú ẹ̀, mi ò rí oorun sùn mọ́jú. Ẹ jẹ́ káwọn panápaná wá yẹ ilé yín wò, ẹ gbé sílíńdà tí wọ́n fi ń paná sí kọ́rídọ̀, ẹ dẹ̀ má ti ọ̀nà àbáyọ pa láé.